Ìṣẹ́jú àáyá mẹ́wàá kò tó láti mọ ènìyàn: Ohun tí fíìmù Kevin Jerome Everson ń sọ fún wa

Fíìmù kan wà tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Park Lanes. Ọdún 2015 ló jáde, wákàtí mẹ́jọ gbáko ló sì gùn. Kì í ṣe eré alápá púpọ̀ tí wọ́n so pọ̀ o, fíìmù kan ṣoṣo ni. Kò sí ìbọn nínú rẹ̀. Kò sí ìyá ọkọ tó fẹ́ tú ilé ká. Kò sí ẹni tó ń sọ̀rọ̀ lẹ́yìn àwòrán láti ṣàlàyé ohun tí à ń wò fún wa. Àwọn òṣìṣẹ́ iléeṣẹ́ kan ní ìpínlẹ̀ Virginia, ní Amẹ́ríkà, ni kámẹ́rà gbájú mọ́: wọ́n ń so nǹkan mọ́ nǹkan, wọ́n ń yẹ iṣẹ́ wò, wọ́n sinmi díẹ̀, wọ́n tún padà sẹ́nu iṣẹ́. Èlò tí wọ́n ń lò ní gbọ̀ngàn eré bowling ni wọ́n ń ṣe níbẹ̀, eré tí wọ́n ti máa ń yí bọ́ọ̀lù wúwo lọ kọlu àwọn igi tí wọ́n tò dúró. Wákàtí mẹ́jọ ni òṣìṣẹ́ fi ń ṣiṣẹ́ lójúmọ́. Wákàtí mẹ́jọ náà ni fíìmù.

Mo mọ ohun tẹ́ ẹ fẹ́ sọ. Ta ló ráyè ìyẹn? Fídíò tí kò bá ti mú wa láàárín ìṣẹ́jú àáyá mẹ́ta, àtàǹpàkò ti gbé e kọjá. Bí nǹkan ṣe rí nìyẹn, mi ò sì wá bá ẹnikẹ́ni jà nítorí TikTok. Mi ò tiẹ̀ ní kẹ́ ẹ lọ jókòó fún wákàtí mẹ́jọ. Ohun tí mo fẹ́ sọ ni pé ọkùnrin tó ṣe fíìmù yìí ti rí nǹkan kan tó kan gbogbo àwa tá a ní fóònù lọ́wọ́, ọ̀rọ̀ náà kì í sì í ṣe ọ̀rọ̀ fàájì tàbí ọ̀rọ̀ àwọn tó ń pe ara wọn ní ọ̀mọ̀ràn iṣẹ́ ọnà. Ọ̀rọ̀ ẹ̀rí ni. Èmi tí mo ka ìwé òfin, ojú ẹ̀rí ni mo fi ń wò ó.

Kevin Jerome Everson lorúkọ rẹ̀. Ọdún 1965 ni wọ́n bí i sí ìlú Mansfield, ní ìpínlẹ̀ Ohio. Ìpínlẹ̀ Mississippi, ní gúúsù, ni àwọn òbí rẹ̀ ti wá, bíi ti ọ̀pọ̀ aláwọ̀ dúdú tó kó ẹrù wọn lọ sí àríwá láti wá iṣẹ́ iléeṣẹ́ ní ọ̀rúndún tó kọjá. Fọ́tò yíyà àti ère gbígbẹ́ ló kọ́kọ́ kọ́ kó tó di oníkámẹ́rà, ó sì jẹ́ ọ̀jọ̀gbọ́n nípa iṣẹ́ ọnà ní Yunifásítì Virginia, nílùú Charlottesville. Fíìmù tó ti ṣe lé ní ọgọ́rùn-ún dáadáa. Ọ̀pọ̀ nínú wọn kò ju ìṣẹ́jú díẹ̀ lọ, àwọn mìíràn sì lé ní wákàtí kan. Whitney, ilé àkójọ iṣẹ́ ọnà ńlá ní New York, ṣe àfihàn iṣẹ́ rẹ̀ lọ́dún 2011. Tate Modern ní London náà ṣe é lọ́dún 2017. Síbẹ̀, bí mo bá dárúkọ rẹ̀ láàárín àwọn ọ̀rẹ́ mi tó fẹ́ràn fíìmù, wọ́n á ní, “Ta nìyẹn?”

Kí ni àwọn èèyàn ń ṣe nínú fíìmù rẹ̀? Iṣẹ́ ni. Nínú Quality Control (2011), àwọn alágbàfọ̀ ní Alabama ni: aṣọ ń wọlé, aṣọ ń jáde, ọwọ́ kò dúró. Nínú Company Line (2009), àwọn tó ń kó yìnyín kúrò lójú títì nílùú Mansfield ni. Nínú Fe26 (2014), àwọn ọkùnrin méjì ní Cleveland tó ń jí irin àti bàbà tà ni, títí kan ọmọrí ihò tó wà láàárín títì. (Fe ni àmì irin nínú ẹ̀kọ́ kẹ́mísírì, 26 sì ni nọ́ńbà rẹ̀. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ṣe sáyẹ́ǹsì ní sẹ́kọ́ńdìrì á ti rántí.)

Fe26 yìí ló yà mí lẹ́nu jù. Ojú kan náà tí kámẹ́rà fi wo alágbàfọ̀ ló fi wo olè irin. Kò bẹ̀bẹ̀ fún wọn, kò sì nà wọ́n lẹ́gba. Tí wọ́n bá kó àwọn méjèèjì wá síwájú adájọ́, ìbéèrè kan ṣoṣo ló máa wà nílẹ̀: ṣé o jí i, àbí o ò jí i? Ìbéèrè tí fíìmù yìí ń bi èmi tí mò ń wò ó yàtọ̀: báwo ni ọjọ́ wọn ṣe ń lọ, kí ló sì ṣẹ́ kù láti jẹ ní àdúgbò tí iléeṣẹ́ ti kógbá wọlé? Kóòtù kò ráyè fún ìyẹn. Kò yẹ kó ráyè fún un náà, iṣẹ́ tirẹ̀ yàtọ̀. Ṣùgbọ́n ẹnì kan gbọ́dọ̀ ráyè fún un.

Ẹ wo bí aláwọ̀ dúdú Amẹ́ríkà ṣe máa ń wá bá wa lórí ẹ̀rọ. Ó ń kọrin. Ó ń gbá bọ́ọ̀lù alápẹ̀rẹ̀. Ọlọ́pàá ń lé e, tàbí ọlọ́pàá ti yìnbọn fún un. Ó ṣọ̀wọ́n ká rí i níbi tó ti ń lọ aṣọ aláṣọ, tó ń yọjú wo aago pé ṣé àkókò oúnjẹ kò tíì tó ni. Ọ̀pọ̀ nínú wa tó mọ orúkọ olórin rap mẹ́wàá kò mọ iṣẹ́ tí ìyá ọ̀kan ṣoṣo nínú wọn ń ṣe.

Bí ẹ bá ń wá ibi tí ọ̀rọ̀ náà ti bẹ̀rẹ̀ lára Everson fúnra rẹ̀, mo rò pé ẹ lè bẹ̀rẹ̀ láti The Island of St. Matthews (2013). Ó bi àǹtí rẹ̀ léèrè nígbà kan nípa àwọn fọ́tò àtijọ́ ìdílé wọn. Èsì tó rí gbà ni pé omi ti gbé wọn lọ. Omíyalé ọdún 1973 ní agbègbè Columbus, ní Mississippi, ni obìnrin náà ń sọ. Everson gbé kámẹ́rà, ó padà lọ bá àwọn ará ibẹ̀. Ẹnikẹ́ni tó bá ní mọ̀lẹ́bí níbi tí odò Ògùn ti máa ń ya wọlé yóò mọ ohun tí mò ń wí. Fìríìjì, wọ́n á rà mìíràn. Fọ́tò ìgbéyàwó ìyá àgbà, ó di àwátì. Ẹni tí kò ní ju fọ́tò méjì lọ láyé rẹ̀, tí omi bá gbé méjèèjì, àwọn tó ń bọ̀ lẹ́yìn kò ní mọ bí ojú rẹ̀ ṣe rí.

Tonsler Park ni mo fẹ́ ká jókòó tì. Ọjọ́ kẹjọ oṣù Kọkànlá ọdún 2016 ni wọ́n yà á, ọjọ́ tí Amẹ́ríkà dìbò láàárín Donald Trump àti Hillary Clinton. Everson lọ sí àwọn ibùdó ìdìbò ní Charlottesville, ìlú tó ti ń ṣiṣẹ́. Fíìmù oníròòlù 16mm ló lò, dúdú àti funfun, gbogbo rẹ̀ sì jẹ́ ìṣẹ́jú 80. Kò wá Trump lọ, kò wá Clinton lọ. Ẹni tó bá ń retí èsì ìbò á retí títí. Àwọn òṣìṣẹ́ elétò ìdìbò ló ń wò, aláwọ̀ dúdú ló sì pọ̀ jù nínú wọn: wọ́n ń kí olùdìbò káàbọ̀, wọ́n ń wá orúkọ rẹ̀, wọ́n ń júwe ibi tó kàn fún un, wọ́n ń rẹ́rìn-ín, wọ́n ń dúró de ẹlòmíràn.

Róòlù fíìmù 16mm tó gùn ní ẹsẹ̀ bàtà 400 máa ń tó nǹkan bí ìṣẹ́jú 11. Everson fẹ́ràn kó tan kámẹ́rà kó sì fi í sílẹ̀ kó máa lọ. Nítorí náà, ojú òṣìṣẹ́ kan lè wà níwájú yín fún ìgbà pípẹ́, àwọn olùdìbò á sì máa gba àárín òun àti kámẹ́rà kọjá. Ẹ̀yìn ẹ̀wù ẹnì kan á bo gbogbo àwòrán, ibẹ̀ á ṣókùnkùn, ẹni náà á kọjá, ojú obìnrin yẹn á tún yọ. Nígbà àkọ́kọ́ tó ṣẹlẹ̀, ó ń ṣe mí bíi kí n pariwo pé, “Ẹ̀gbọ́n, ẹ kúrò lójú ọ̀nà jọ̀ọ́!” Nígbà tó di ẹ̀ẹ̀karùn-ún, mo ti jókòó jẹ́ẹ́. Àwọn tó ń kọjá yẹn ló ni ọjọ́ náà. Wọ́n wá dìbò ni, wọn ò wá ṣínà fún mi kí n lè ríran wò.

Ohun kan tún máa ń ṣẹlẹ̀ tẹ́ ẹ bá ti ń wo irú fíìmù báyìí lọ. Ó máa ń sú èèyàn. Mi ò ní parọ́ fún yín, ó máa ń súni gan-an. Lẹ́yìn náà, ojú á bẹ̀rẹ̀ sí í ṣiṣẹ́ fúnra rẹ̀. Ẹ ó rí i pé òṣìṣẹ́ yìí máa ń tẹ̀ síwájú tó bá fẹ́ gbọ́ orúkọ ẹni. Ẹ ó rí ẹni tó rẹ̀, tí kò sì fẹ́ kó hàn. Ẹ ó mọ ìyàtọ̀ láàárín ẹ̀rín tí wọ́n ń rín sí àjèjì àti èyí tí wọ́n ń rín sí ẹni tí wọ́n jọ ń gbé àdúgbò. Kò sí ẹni tó tọ́ka sí i fún yín. Ẹ̀yin lẹ rí i, ẹni tó bá sì ti fúnra rẹ̀ rí nǹkan, ó ṣòro kí ẹlòmíràn tó wá rọ́ irọ́ fún un nípa rẹ̀.

Orúkọ ibẹ̀ náà ní ìtàn. Benjamin Tonsler, olùkọ́ aláwọ̀ dúdú kan tó jẹ́ ọ̀gá ilé-ìwé ní Charlottesville láyé àtijọ́, ni wọ́n fi sọ ọgbà ìṣeré tó ń jẹ́ Tonsler Park. Virginia wà lára àwọn ìpínlẹ̀ tó ń gba owó lọ́wọ́ èèyàn kó tó lè dìbò, kí aláìní má baà lè wọlé, pàápàá aláwọ̀ dúdú. Ọdún 1966 ni ilé-ẹjọ́ tó ga jù lọ ní Amẹ́ríkà fòpin sí i nínú ìdìbò ìpínlẹ̀, nínú ẹjọ́ tí wọ́n ń pè ní Harper. Ìgbìmọ̀ elétò ìdìbò Virginia gan-an ni wọ́n pè lẹ́jọ́. Òfin ẹ̀tọ́ ìdìbò, Voting Rights Act, jáde lọ́dún 1965, ọdún tí wọ́n bí Everson. Nígbà tó di ọdún 2013, nínú ẹjọ́ Shelby County, ilé-ẹjọ́ yìí kan náà yọ eyín ibi pàtàkì kan nínú òfin yẹn. Àwọn ìpínlẹ̀ bíi Virginia, tí wọ́n ní láti kọ́kọ́ gba àṣẹ kí wọ́n tó yí ìlànà ìdìbò wọn padà, bọ́ lọ́wọ́ àṣẹ gbígbà. Ìdìbò ọdún 2016 ni ìdìbò ààrẹ àkọ́kọ́ lẹ́yìn ìdájọ́ yẹn.

Kò sí ẹni tó ka gbogbo èyí síni létí nínú fíìmù. Òṣìṣẹ́ kan tó ń wá orúkọ olùdìbò ló wà níbẹ̀. Ẹni tó bá mọ ìtàn á rí ìtàn náà lára ọwọ́ tó ń wá orúkọ. Ẹni tí kò bá mọ̀ ọ́n á rí òṣìṣẹ́ tó mọ iṣẹ́ rẹ̀ níṣẹ́, ìyẹn náà kò kéré. Oṣù mẹ́sàn-án lẹ́yìn ìdìbò yẹn, ní oṣù Kẹjọ ọdún 2017, àwọn aláwọ̀ funfun kan tó kórìíra ẹ̀yà mìíràn gbé ògùṣọ̀ wọ ọgbà yunifásítì tí Everson ti ń kọ́ni. Lọ́jọ́ kejì, ọ̀kan nínú àwọn tó wá sí ìpéjọpọ̀ wọn wa mọ́tò wọ àárín èrò, ó sì pa obìnrin kan, Heather Heyer. Láti ìgbà náà, tẹ́ ẹ bá tẹ “Charlottesville” sórí Google, ògùṣọ̀ yẹn kì í pẹ́ yọjú. Mo dúpẹ́ pé ẹnì kan ti lọ ya àwọn ẹlòmíràn nílùú yẹn ṣáájú.

Ẹ jẹ́ ká yà sí Georgia díẹ̀. Kì í ṣe ara iṣẹ́ Everson, ṣùgbọ́n ẹni tó bá wo Tonsler Park lónìí kò lè ṣe kó má rántí rẹ̀. Ruby Freeman àti ọmọ rẹ̀ obìnrin, Shaye Moss, jẹ́ aláwọ̀ dúdú méjì tó ṣiṣẹ́ ìdìbò ní Atlanta lọ́dún 2020. Irú iṣẹ́ tá a rí nínú fíìmù yẹn náà ni. Kámẹ́rà ààbò wà nínú gbọ̀ngàn tí wọ́n ti ń ka ìbò, ó sì ń ya wọ́n fún ọ̀pọ̀ wákàtí. Nígbà tó di oṣù Kejìlá, àwọn tó ń ṣe agbẹjọ́rò fún Trump mú ibi kéréje nínú fídíò náà, wọ́n fi han àwọn aṣòfin Georgia: ẹ wò ó, wọ́n ń fa àpótí ìbò jáde lábẹ́ tábìlì, màgòmágó ni! Rudy Giuliani tún gbé e wá sójútáyé pé ìyá àti ọmọ ń ki USB bọ ara wọn lọ́wọ́ bí ẹni ń ta oògùn olóró. Nígbà tí Moss wá jẹ́rìí níwájú ìgbìmọ̀ àwọn aṣòfin ní oṣù Kẹfà ọdún 2022, wọ́n bi í pé kí ni ìyá rẹ̀ fún un gan-an.

Súwíìtì alátalẹ̀ ni.

Nítorí súwíìtì, àwọn èèyàn ń halẹ̀ mọ́ wọn pé àwọn á pa wọ́n. Freeman kúrò nílé rẹ̀ fún nǹkan bí oṣù méjì nítorí pé àwọn FBI ní ibẹ̀ kò fara rọ fún un. Ọmọ rẹ̀ fi iṣẹ́ sílẹ̀. Ní oṣù Kejìlá ọdún 2023, ìgbìmọ̀ àwọn ará ìlú tó ń gbọ́ ẹjọ́ náà ní Washington ní kí Giuliani san owó tó lé ní mílíọ̀nù 148 dọ́là fún ìyá àti ọmọ, nítorí pé ó bà wọ́n lórúkọ jẹ́. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ n sọ ohun tó ká mi lára jù nínú gbogbo rẹ̀. Fídíò wo ló tú irọ́ náà fó? Fídíò yẹn kan náà ni! Àwọn olùwádìí Georgia jókòó, wọ́n wo ohun tó ṣẹlẹ̀ ṣáájú àti ohun tó ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn. Wọ́n rí i pé àpótí tí wọ́n máa ń kó ìbò sí ni, àti pé ojú gbogbo èèyàn ni wọ́n ṣe gbé e sábẹ́ tábìlì nígbà tí wọ́n rò pé iṣẹ́ alẹ́ ọjọ́ náà ti parí. Ìdá díẹ̀ nínú fídíò kan fẹ́rẹ̀ẹ́ ba ayé àwọn obìnrin méjì jẹ́, odindi rẹ̀ ló sì gbà wọ́n.

Àwọn àgbà ní agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà ni. Fídíò tí wọ́n gé orí àti ìdí rẹ̀ kúrò, ẹjọ́ ẹnìkan ni. Òfin ẹ̀rí tiwa ní Nàìjíríà, Evidence Act ọdún 2011, ní abala 84 tó sọ̀rọ̀ nípa ẹ̀rí tó jáde láti inú kọ̀ǹpútà. Mo ti ka abala yẹn títí ó fi sú mi. Ohun tó jẹ ẹ́ lógún jù ni bóyá ẹ̀rọ náà ń ṣiṣẹ́ bó ṣe yẹ, àti ta ló fọwọ́ sí ìwé pé bẹ́ẹ̀ ni. Kò béèrè pé kí ló ń ṣẹlẹ̀ kí wọ́n tó tẹ bọ́tìnì, kí ló sì ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn tí wọ́n pa á. Fóònù lè pé pérépéré kí fídíò inú rẹ̀ sì máa parọ́. Ní kóòtù, agbẹjọ́rò tó bá mọ iṣẹ́ á da ìbéèrè bo ẹni tó gbé fídíò náà wá títí òótọ́ á fi yọ. Lórí X àti Facebook, ta ni yóò ṣe agbẹjọ́rò fún ẹni tí wọ́n yà?

Everson mọ bí wọ́n ṣe ń tẹ́tí sí ẹlẹ́rìí. Nínú fíìmù kúkurú rẹ̀ kan, Ears, Nose and Throat (2016), obìnrin kan wà lọ́dọ̀ àwọn oníṣègùn tó ń yẹ etí, imú àti ọ̀fun rẹ̀ wò. Obìnrin yìí kan náà la gbọ́ tó ń ròyìn bí wọ́n ṣe pa ọ̀dọ́mọkùnrin kan ní ìṣojú rẹ̀ ní Mansfield. Kò sí ẹ̀jẹ̀, kò sí eré àṣehàn. Nílé-ẹjọ́, kí wọ́n tó gba ẹni tó ní ojú òun ló ṣe gbọ́, wọ́n máa ń béèrè pé ṣé ìmọ́lẹ̀ wà níbẹ̀, báwo ló ṣe jìnnà tó, ṣé ó gbọ́ dáadáa? Everson gbé ìbéèrè yẹn lé ara ẹlẹ́rìí náà. Etí tó gbọ́ ọ nìyí. Ọ̀fun tó fi ń sọ ọ́ nìyí. A máa ń sọ pé ìròyìn kò tó àfojúbà. Mi ò tíì rí ẹni tó fi fíìmù wo ohun tí àfojúbà ń ṣe sí ara ẹni tó fojú bà á, bí ọkùnrin yìí ṣe ṣe é.

Ẹnì kan lè gbá mi mú níbí pé, “Ṣebí Everson náà máa ń ṣètò nǹkan nínú fíìmù rẹ̀?” Òótọ́ ni. Ẹni tó kọ́ṣẹ́ ère ni, ó máa ń fi ọwọ́ ara rẹ̀ ṣe àwọn ohun èlò kan, á sì gbé wọn sínú fíìmù bí ẹni pé ó ti wà níbẹ̀ tẹ́lẹ̀. Ó máa ń ní kí àwọn èèyàn tún iṣẹ́ ojúmọ́ wọn ṣe níwájú kámẹ́rà. Kì í ṣe òun ló dá a sílẹ̀. Fíìmù àwọn tẹ̀gbọ́n-tàbúrò Lumière ti ọdún 1895, èyí tí àwọn òṣìṣẹ́ ti ń jáde níléeṣẹ́ wọn ní Lyon, ó ju ẹ̀ẹ̀kan lọ tí wọ́n yà á. Àwọn tó ni iléeṣẹ́ ló ni kámẹ́rà! Everson ṣe tirẹ̀ náà lọ́dún 2013, ó pè é ní Workers Leaving the Job Site. Nítorí náà, ṣíṣètò kọ́ ni mò ń bá jà. Kí èèyàn ṣètò nǹkan kí òṣìṣẹ́ lè fi iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀ hàn, kò jọ kí wọ́n gé òṣìṣẹ́ kí ó lè dà bí olè.

Ibi tí mo ti bínú sí i ni ọ̀rọ̀ àwọn tó ń rí fíìmù wọ̀nyí. Àjọ̀dún fíìmù, ilé àkójọ iṣẹ́ ọnà, kíláàsì yunifásítì, ibẹ̀ ni wọ́n pọ̀ sí. Iléeṣẹ́ Second Run ní ìlú Ọba kó díẹ̀ nínú wọn jáde lórí Blu-ray lọ́dún 2020. Ta ló ní ẹ̀rọ Blu-ray ní Ìbàdàn? Ọkùnrin kan tó fi ayé rẹ̀ wo alágbàfọ̀ àti òṣìṣẹ́ iléeṣẹ́, tó wá jẹ́ pé àwọn tó máa ń mu wáìnì pupa níbi àfihàn ló ń wo iṣẹ́ rẹ̀ jù, ó yẹ kí ìyẹn máa dùn ún. Bí kò bá dùn ún, ó dun èmi.

Ó dáa, ẹ jẹ́ ká padà sílé. Kí lẹ rántí nínú fídíò ìdìbò 2023 tiwa? Àwọn jàǹdùkú tó ń da ibùdó ìdìbò rú. Ẹni tó ń sọ fún ẹlòmíràn pé kó lọ sílé tí kò bá ní dìbò fún ẹgbẹ́ tòun. Ẹni tó ń bú INEC. Ó yẹ ká ní àwọn fídíò wọ̀nyẹn, mi ò sọ pé kí wọ́n má yà wọ́n. Àwọn kan nínú wọn ló jẹ́ ká mọ ohun tó ṣẹlẹ̀ níbi tí akọ̀ròyìn kò dé. Ṣùgbọ́n ẹ sọ fún mi, fídíò wo lẹ rí nípa àgùnbánirọ̀ tó sun orí ilẹ̀ ilé-ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ mọ́jú ọjọ́ ìdìbò? Ta ló ya ọmọbìnrin tó gbé BVAS lọ́wọ́, tó ń ní kí baba àgbàlagbà kan tún ìka tẹ̀, tún un tẹ̀, “Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ nù ún díẹ̀,” títí ẹ̀rọ fi gbà á? Ọjọ́ tí wàhálà bá dé nìkan ni irú ọmọ bẹ́ẹ̀ máa ń wọ fídíò, bó bá sì wọ̀ ọ́ lọ́jọ́ yẹn, ó di ẹni tó gbàbọ̀dè tàbí ẹni tí wọ́n lù. Kò sí fídíò kankan tá a lè fi wé e láti mọ bó ṣe máa ń ṣe iṣẹ́ rẹ̀ lọ́jọ́ tí kò sí wàhálà. Ẹni tó bá fẹ́ bà á lórúkọ jẹ́ kò níṣòro rárá, torí kò sẹ́ni tó mọ̀ ọ́n.

Ìdìbò 2027 ń bọ̀. Àwọn ọmọ tó mọ kámẹ́rà lò pọ̀ nílùú yìí ju bó ṣe rí nígbà tí Everson bẹ̀rẹ̀ lọ ní Mansfield, fóònù wọn sì fúyẹ́ ju kámẹ́rà 16mm rẹ̀ lọ. Mo fẹ́ kí ẹnì kan nínú wọn tètè kọ̀wé sí INEC fún ìwé àṣẹ, kó bi àwọn òṣìṣẹ́ náà bóyá wọ́n fara mọ́ ọn, kó jìnnà sí ibi tí wọ́n ti ń tẹ̀ka, torí ìbò olúkúlùkù jẹ́ àṣírí, INEC kò sì fẹ́ rí fóònù níbẹ̀ rárá. Kó wá gbé kámẹ́rà kalẹ̀ síwájú tábìlì kan ṣoṣo. Kó má sáré lọ síbi tí ariwo bá ti ń bọ̀. Àwọn ẹgbẹ̀rún mìíràn á ti wà níbẹ̀. Bí ẹnikẹ́ni bá bo àwòrán, kó fi í sílẹ̀, onítọ̀hún á kọjá. Ní 2023, aago mẹ́jọ ààbọ̀ àárọ̀ ni ìdìbò yẹ kó bẹ̀rẹ̀ lórí ìwé, kó sì parí ní aago méjì ààbọ̀ ọ̀sán. Wákàtí mẹ́fà péré nìyẹn, ó fi wákàtí méjì dín sí Park Lanes. A ò tiẹ̀ tíì sọ̀rọ̀ ibùdó tí aago mọ́kànlá lù tí àwọn òṣìṣẹ́ kò tíì dé.